Pósí Tí Wọ́n Kàn fún Ọmọ Olúfúnkẹ́

Ẹ̀yin tí ẹ máa ń fọwọ́ sọ̀yà pé "èmi kọ́, mi ò lè ṣe irú ẹ̀ láéláé," ẹ rọra o. Olúfúnkẹ́ náà máa ń sọ bẹ́ẹ̀. Bẹ́ǹṣì kan náà la jọ ń jókòó lé nínú ìjọ wa ní Dagenham, ní London níbí, mo mọ̀ ọ́n bí ẹni mowó, síbẹ̀ mi ò gbọ́ fìn-ín nípa ọ̀rọ̀ yìí títí ọjọ́ tó fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ fún mi. Ó ní kí n kọ ọ́, kí àwọn ìyá bíi tòun lè kà á. Mo ní, "Fúnkẹ́, ṣé kí n yí orúkọ rẹ padà?" Ó ní rárá, irọ́ tí òun ti pa tó gẹ́ẹ́.

Houston, ní ìpínlẹ̀ Texas ní Amẹ́ríkà, ló bí ọmọ rẹ̀ kan ṣoṣo sí, Moṣọpẹ́. Ọmọ náà pé ọdún mẹ́jọ nígbà tí Adédèjì bàbá rẹ̀ ṣubú níbi iṣẹ́ tí kò sì dìde mọ́. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é níbẹ̀, wọ́n ṣí pósí sílẹ̀ nínú ṣọ́ọ̀ṣì kí gbogbo èrò lè wo ojú òkú. Moṣọpẹ́ dúró síbẹ̀, ó ń bá bàbá rẹ̀ tún táì ọrùn rẹ̀ ṣe. Àwòrán yẹn ò kúrò lójú Fúnkẹ́ láti ọjọ́ náà.

Ó kó ọmọ lọ sí Èkó, ó lo ọdún kan níbẹ̀, ó gba físà iṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó, ó sì kó wá sọ́dọ̀ wa níbí. Ilé kékeré kan lẹ́bàá Parsloes Park ni tìyá-tọmọ ń gbé.

Ní ti Moṣọpẹ́, ẹ̀bùn ń bẹ lára ọmọ yẹn, kí n má purọ́. Ó lè sín Wòlíì wa jẹ, ó lè sín èmi gan-an jẹ, ẹ ó sì rẹ́rìn-ín títí inú á fi máa run yín. Olùkọ́ rẹ̀ ní ilé-ìwé ló kọ́kọ́ rí i, òun ló ní kí wọ́n mú un lọ sọ́dọ̀ obìnrin kan tó ń bá àwọn ọmọdé wá iṣẹ́ eré. Nígbà tó pé ọdún mẹ́wàá, ó ṣe ìpolówó bisikíìtì. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, ohùn rẹ̀ ni wọ́n fi sẹ́nu ọ̀kẹ́rẹ́ kan nínú kàtúùnù.

Ìgbà tó wá pé ọdún méjìlá, àwọn ará Amẹ́ríkà kan kó dé láti wá ya eré tẹlifíṣọ̀n alápá-púpọ̀ ní ilé ìyàwòrán ńlá kan ní Dagenham yìí kan náà. Wọ́n ń wá ọmọbìnrin dúdú tí yóò sọ̀rọ̀ bí ọmọ Texas. Wọ́n wò ó láàárín àwọn ọmọ London títí, kò bọ́ sí i. Ìgbà tí Moṣọpẹ́ la ẹnu tiẹ̀, dáírẹ́tọ̀ gbé bírò sílẹ̀, ó ní, "Níbo ni ẹ ti rí eléyìí?" Ṣé ẹ rí i, gbogbo bí àwọn ọmọ kíláàsì ṣe ń fi ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́, òun náà ló padà gbé e débi iṣẹ́.

Ruby ni orúkọ ọmọ tí wọ́n ní kó ṣe. Ó ṣe apá kìíní, ó ṣe é dé apá karùn-ún, gbogbo wọn fẹ́ràn rẹ̀ bí ojú. Ìgbà náà ni ìwé apá kẹfà dé.

Fúnkẹ́ jókòó nínú kíṣíìnì, ó ń kà á. Ó dé ojú ewé kan, ó dúró. Ó tún un kà. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé wọ́n tẹ́ Ruby sínú pósí funfun lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì, ìyá rẹ̀ bẹ̀rẹ̀, ó fẹnu kò ó níwájú orí, wọ́n sì dé pósí náà.

"Ẹ̀jẹ̀ Jésù! Moṣọpẹ́! Máa bọ̀ níbí! Ta ló máa wọ inú pósí yìí?"

"Èmi ni now, Mọ́mì. Ruby máa kú. Mo sọ fún yín nínú bọ́ọ̀sì."

"O ò sọ fún mi!"

"Mo sọ ọ́, Mọ́mì. Ẹ ti sùn lọ."

"Orí ẹ ò pé ni? Ìwọ, ọmọ kan ṣoṣo tí mo ní, o máa lọ sùn sínú pósí?"

"It's acting, Mọ́mì. Màá kàn di ojú ni. Tó bá tán, màá dìde, màá jẹun."

"Ṣé ikú mọ̀ pé acting ni?"

Moṣọpẹ́ bú sẹ́rìn-ín. Fúnkẹ́ ò rẹ́rìn-ín.

Ẹ má bínú sí i, ẹ̀yin náà mọ̀ ọ́n. Nílé wa, òbí kì í wo òkú ọmọ rẹ̀. Ìyá tó bá ṣòfò, inú yàrá ni wọ́n máa ń mú un wọ̀ lọ, àwọn ẹlòmíràn ni yóò gbé ọmọ náà lọ sin, wọn ò sì ní fi ojú ibẹ̀ hàn án títí ayé. Àmọ́ òfin káńsù ti wà nílẹ̀ pé ọmọ ọdún méjìlá ò gbọ́dọ̀ dá wà níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Fúnkẹ́ fúnra rẹ̀ ló fọwọ́ sí i pé òun ni yóò máa wà níbi tí ojú òun ti tó ọmọ. Èyí já sí pé kó dúró gbagidi, kó máa wo ọmọ rẹ̀ nínú pósí, kó sì máa rẹ́rìn-ín músẹ́ sí àwọn òyìnbó.

"Kí ló dé tí o ò fi kọ̀?" Mo bi í. Ó ní ojú kòkòrò ni. Ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ ni mo kọ yìí o.

Obìnrin tó ń bá wọn wáṣẹ́ ti pè é lórí fóònù. Ó ní bí Ruby bá kú tán, eré tirẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ ni, nítorí ẹ̀mí Ruby ni yóò máa padà wá bá ìyá rẹ̀ nínú gbogbo apá tó kù. Iṣẹ́ ọdún méjì gbáko. Ó ní, "Ìran pósí yẹn ni gbogbo Amẹ́ríkà máa fi mọ ọmọ rẹ. Ẹ ò gbọ́dọ̀ bà á jẹ́."

Fúnkẹ́ ò sùn dáadáa fún ọjọ́ mẹ́rin. Lẹ́yìn ìsìn ọjọ́ Àìkú, ó lọ bá Wòlíì Adétúnbọ̀ nínú ọ́fíìsì, ó ro gbogbo ẹjọ́ náà.

Wòlíì gbọ́ ọ tán, ó ní, "Ìyá Moṣọpẹ́, ṣé o fẹ́ kí ọmọ yìí ṣe é, àbí o ò fẹ́?"

"Mo fẹ́, Bàbá. Mi ò sì fẹ́."

"Tóò. Èwo ni ká wá gbàdúrà lé lórí nínú méjèèjì?" Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. "Tí ẹ̀rù bá ń bà ọ́, lọ bá àwọn tó gbà á síṣẹ́, sọ fún wọn. Ènìyàn ni wọ́n, wọ́n á gbọ́. Ìwọ ni ìyá." Ó gbé ìgò òróró kékeré kan fún un. "Fi kan iwájú orí ọmọ láàárọ̀ ọjọ́ náà. Orí ọmọ nìkan o. Má gbé e lọ síbi iṣẹ́ oníṣẹ́."

"Mo gbọ́, Bàbá."

Ó gbọ́ lóòótọ́. Etí rẹ̀ kọ́ ló ní àléébù.

Ọkùnrin káfíńtà kan wà nílé ìyàwòrán náà, Godswill. Sàpẹ́lẹ̀ ni bàbá rẹ̀ ti wá, ṣùgbọ́n Ìbàdàn ni wọ́n bí i sí, Yorùbá ẹnu rẹ̀ dán ju tèmi lọ. Ìyàwó rẹ̀ ló rí iṣẹ́ nọ́ọ̀sì tí wọ́n fi kó wá sí London. Ọdún kan ààbọ̀ ni Godswill fi ń gbé páálí ní ilé ìkẹ́rù kó tó ríbi tí wọ́n ti gbé ayùn lé e lọ́wọ́. Láti ìgbà tó ti gbọ́ orúkọ Moṣọpẹ́ ló ti di ẹbí wọn. Fúnkẹ́ ń pè é ní Dádì Wúrà, orúkọ ọmọ rẹ̀ àgbà.

Òun ló kan pósí náà. Ní àárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ó sáré wá bá Fúnkẹ́, ó ń yọ̀.

"Màmá Moṣọpẹ́, ẹ wá wo iṣẹ́ ọwọ́ mi. Mo lu ihò sí ìsàlẹ̀ rẹ̀, kí afẹ́fẹ́ máa wọlé fún un. Tí mo bá tiẹ̀ dé e, ara ò ní ni ín."

Pósí funfun. Sátínì funfun ni wọ́n fi tẹ́ inú rẹ̀, obìnrin aránṣọ kan ló fọwọ́ rán gbogbo rẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ kan. Ó bá gígùn Moṣọpẹ́ mu gẹ́lẹ́. Fúnkẹ́ sọ pé "ẹ kú iṣẹ́," ó sì yára kúrò níbẹ̀.

Lọ́jọ́ náà, pósí nìkan ni wọ́n yà, wọ́n ṣí i sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibojì, kò sí ènìyàn nínú rẹ̀. Wọ́n ti da ilẹ̀ pupa sínú gbọ̀ngàn náà, wọ́n wọ́n omi sí i, wọ́n sì tẹ́ ẹ dọ́gba bí ìtẹ́ òkú gidi. Dáírẹ́tọ̀ ní ó dára, ó ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kan nǹkan kan. Lọ́la ni Moṣọpẹ́ yóò wọ inú rẹ̀.

Aago mẹ́rin kọjá, èrò ń lọ sílé. Moṣọpẹ́ ń pààrọ̀ aṣọ. Fúnkẹ́ dúró lẹ́nu ọ̀nà gbọ̀ngàn náà, ó ki ọwọ́ bọ inú báàgì, ó kan ìgò òróró. Ó lọ. Ó tún padà.

"Dádì Wúrà, ẹ jọ̀ọ́, Moṣọpẹ́ gbàgbé súwẹ́tà rẹ̀ sínú ibẹ̀ yẹn. Ẹ bá mi ṣílẹ̀kùn."

"Ha, wọ́n ní kí ẹnikẹ́ni má wọlé mọ́ o."

"Ìṣẹ́jú méjì. Èmi náà ni ẹnikẹ́ni?"

Godswill wo ọ̀tún, ó wo òsì. "Ẹ ṣe kíá. Kí wọ́n má bàa rí yín." Ó ṣílẹ̀kùn, ó sì lọ tọ́jú ayùn rẹ̀.

Fúnkẹ́ wọlé. Gbọ̀ngàn náà pa rọ́rọ́. Kí ni ohun àkọ́kọ́ tí ọ̀rẹ́ mi yìí ṣe? Ó bọ́ bàtà! Ẹ̀yin tí ẹ ń wọ sùtánà mọ ìdí rẹ̀. Àwa kì í wọ bàtà dé iwájú àdúrà, ó ti mọ́ wa lára, ẹsẹ̀ fúnra rẹ̀ ló ń bọ́ ọ. Ó fẹsẹ̀ lásán rìn kọjá lórí ilẹ̀ tútù náà, ó dé ìdí pósí.

Ó fẹ́ kán òróró sílẹ̀ díẹ̀, kó fi ya àgbélébùú mẹ́ta, ọ̀kan níbi orí, ọ̀kan níbi àyà, ọ̀kan níbi ẹsẹ̀. "Ikú, o ò ní mọ ọmọ mi. Ikú, o ò ní mọ orúkọ rẹ̀. O ti jẹ bàbá, o ò ní jẹ ọmọ." Ìdérí ìgò ṣí, òróró dà gbàràgàdà sórí sátínì.

Ó yọ gèlè orí rẹ̀, ó ń nù ún. Bó ṣe ń nù ún ló ń fẹ̀. Nígbà tó yá, ó tẹjú mọ́ ọn, ó ní kò fi bẹ́ẹ̀ hàn. Ó ní yóò gbẹ kílẹ̀ tó mọ́.

Ta ló sọ fún ọ pé òróró máa ń gbẹ, Fúnkẹ́? Ìwọ tó ń din ẹyin lójoojúmọ́!

Ó gbé bàtà rẹ̀, ó jáde, ó ní, "Mi ò rí súwẹ́tà náà." Godswill ní kò burú, ó tilẹ̀kùn.

Ọjọ́rú, aago mẹ́jọ ààbọ̀ àárọ̀. Ariwo obìnrin aránṣọ ni wọ́n kọ́kọ́ gbọ́. Gbogbo èèyàn sáré lọ. Òróró náà ti ràn ká láti ibi orí dé ibi ẹsẹ̀, ó ti pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ó dà bí àjà ilé tí òjò ń jò. Àná ni wọ́n ti ya pósí kan náà ní funfun báláú. Kò sí òmíràn nílẹ̀.

Dáírẹ́tọ̀, obìnrin gíga kan tí kì í gbé ohùn sókè, wò ó títí. Ó ní, "Ta ló ṣe èyí?" Kò pariwo. Ìyẹn gan-an ló dẹ́rù ba Fúnkẹ́.

Máníjà ilé náà bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. "Ẹ wo ibí." Ipa ẹsẹ̀ ni, láti ẹnu ọ̀nà dé ìdí pósí, àlọ àti àbọ̀. Ẹsẹ̀ lásán, ọmọ ìka márààrún hàn ketekete. "Ta ló ń rìn láìwọ bàtà níbí?"

Àwọn òyìnbó ń wo ara wọn. Kò yé wọn rárá.

Ó yé ẹnì kan. Moṣọpẹ́ wo ipa ẹsẹ̀ náà, ó gbójú sókè wo ìyá rẹ̀. Fúnkẹ́ gbé ojú kúrò. Ó mọ̀ pé ọmọ òun ti mọ̀.

"Ọwọ́ ta ni kọ́kọ́rọ́ wà lánàá?" Máníjà bèèrè.

"Ọwọ́ mi ni, sà," Godswill dáhùn.

"Ta lo ṣílẹ̀kùn fún?"

Fúnkẹ́ dúró lẹ́yìn Máníjà, ó ń mi orí, ó ń fi ojú bẹ̀ ẹ́. Godswill ní, "Kò sí ẹnikẹ́ni, sà."

Wọ́n ní kí gbogbo àwọn tó gba ẹnu ọ̀nà yẹn kọjá lánàá wá sí ọ́fíìsì ní aago méjì. Fúnkẹ́ tọ Godswill lọ sẹ́yìn ọkọ̀ akẹ́rù.

"Màmá Moṣọpẹ́, kí lẹ dà sínú iṣẹ́ mi?"

"Òróró àdúrà ni, Dádì Wúrà. Ẹ̀rù ló bà mí."

"Ẹ lọ sọ fún wọn."

"Tí mo bá sọ, wọ́n á gba ipa náà lọ́wọ́ Moṣọpẹ́."

"Tí ẹ ò bá sọ, wọ́n á gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi! I get two pikin o! Ọdún kan ààbọ̀ ni mo fi gbé páálí!"

Fúnkẹ́ kúnlẹ̀ sórí kọnkéré. Godswill fò sẹ́yìn. "Ẹ dìde! Kí lẹ ń ṣe báyìí? Ẹ dìde, kí ọmọ yín má rí yín!"

"Ẹ fún mi ní àyè. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n gbàgbé ọ̀rọ̀ náà. Mo fi Ọlọ́run tó dá mi búra, tó bá di pé wọ́n fẹ́ lé yín, màá jáde sọ̀rọ̀."

"Ẹ búra?"

"Mo búra. Kí ojú mi fọ́ tí mi ò bá sọ ọ́."

Ọkùnrin náà mí kanlẹ̀. "Ó dáa. Mo gbọ́ tiyín."

Aago méjì lù. Dáírẹ́tọ̀ jókòó, Máníjà dúró, obìnrin tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ àbójútó àwọn ọmọdé wà níbẹ̀ pẹ̀lú ìwé lórí itan. Fúnkẹ́ àti Moṣọpẹ́ jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri. Godswill dúró láàárín ilé bí ẹni tí wọ́n ń dá lẹ́jọ́.

Máníjà kò fọ̀rọ̀ gùn. Ó ní ọwọ́ Godswill ni kọ́kọ́rọ́ wà, ó ní kò sí ẹni tó wọlé, nítorí náà yálà òun ló ṣe é tàbí òun ń bo ẹni tó ṣe é. Ó ní, "Lọ kó irinṣẹ́ rẹ. Má padà wá lọ́la."

Godswill yí ojú padà, ó wo Fúnkẹ́. Ó kàn wò ó ni.

Fúnkẹ́ ní òun la ẹnu. Ó búra fún mi pé òun la ẹnu. Ṣùgbọ́n gbogbo nǹkan wá sórí rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà: iṣẹ́ ọdún méjì, Amẹ́ríkà, ọ̀rọ̀ tó ti sọ fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ Fọlá ní Becontree Heath pé "ẹ máa gbọ́ orúkọ wa láìpẹ́." Ó pa ẹnu dé. Ó tẹjú mọ́ èékánná ọwọ́ rẹ̀.

Godswill ń lọ sẹ́nu ọ̀nà.

"Èmi ni."

Ohùn Moṣọpẹ́ ni. Ó ti dìde dúró.

"Èmi ni mo dà á síbẹ̀. Òróró ṣọ́ọ̀ṣì wa ni. Mo yọ kọ́kọ́rọ́ lára ìkọ́ nígbà tí Uncle Godswill lọ fọwọ́. Kò mọ̀. Ẹ̀rù pósí ló ń bà mí." Ó bẹ̀rẹ̀, ó bọ́ bàtà, ó na ẹsẹ̀ rẹ̀ síwájú. "Ẹsẹ̀ mi ni."

Máníjà yọ fóònù, ó wo àwòrán ipa ẹsẹ̀ náà, ó fi wé e. Ó bá a mu rẹ́gí. Láti Kérésìmesì tó kọjá, nọ́ńbà bàtà kan náà ni tìyá-tọmọ ti ń wọ̀.

Dáírẹ́tọ̀ dìde lórí àga, ó wá kúnlẹ̀ síwájú ọmọ náà. Ó bi í pé kí ló dé tí kò sọ fún àwọn pé ẹ̀rù ń bà á. Moṣọpẹ́ ní, "Wọ́n gbé dádì mi sínú irú ẹ̀." Omi bọ́ lójú obìnrin yẹn. Tẹ́ ẹ bá wà níbẹ̀, ẹ̀yin náà á sunkún, nítorí bí ọmọ náà ṣe sọ ọ́, ẹ ò lè mọ̀ pé irọ́ ni. Ọmọ yìí ò bẹ̀rù pósí rí! Òun ló fọwọ́ ara rẹ̀ tún táì bàbá rẹ̀ ṣe.

Dáírẹ́tọ̀ wá gbójú sókè wo Fúnkẹ́. Ó fi ohùn jẹ́jẹ́ bi í, "Ìyá Moṣọpẹ́, ṣé ẹ mọ̀ sí ọ̀rọ̀ yìí?"

Ọlọ́run tún ṣílẹ̀kùn kejì fún un nìyẹn. Gbogbo ojú wà lára rẹ̀, Máníjà, obìnrin alábòójútó ọmọdé, Godswill tó di ilẹ̀kùn mú. Ojú ọmọ rẹ̀ náà wà lára rẹ̀, kò ṣẹ́jú.

Fúnkẹ́ ní, "Rárá. Mi ò mọ̀."

Ẹnu rẹ̀ ló ti jáde. Òun fúnra rẹ̀ gbọ́ ọ.

Obìnrin alábòójútó ọmọdé kọ̀wé, ó pa ìwé dé, ó ní ọ̀rọ̀ ti parí. Ó ní ọmọ tí ẹ̀rù ń bà tó báyìí ò gbọ́dọ̀ wọ inú pósí, kò sì gbọ́dọ̀ ṣe ẹ̀mí òkú. Wọ́n ní Ruby yóò kú, wọ́n á kàn sọ ọ́ lẹ́nu ni, ẹ̀mí rẹ̀ ò sì ní padà wá. Wọ́n dì mọ́ Moṣọpẹ́, wọ́n fún un ní ṣokoléètì. Iṣẹ́ ọdún méjì fò lọ nínú ìṣẹ́jú márùn-ún.

Wọ́n bẹ Godswill pé kó má bínú. Ó gbé ọwọ́ lé orí Moṣọpẹ́, ó ní, "Ọlọ́run á bù kún ẹ." Ó gba iwájú Fúnkẹ́ kọjá bí ẹni pé àga ló wà níbẹ̀.

Ẹ ó ní kí ló dé tí Fúnkẹ́ ò padà lọ sọ òtítọ́. Ó padà lọ, ẹ má yọ ọ́ lẹ́nu. Ọjọ́ kẹta ló tó lọ. Ó jókòó níwájú dáírẹ́tọ̀, ó jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀, látorí ìgò òróró dórí súwẹ́tà. Obìnrin náà gbọ́ ọ tán, ó ní, "Bẹ́ẹ̀ ọmọ rẹ ò bẹ̀rù rárá?" Fúnkẹ́ ní rárá. Dáírẹ́tọ̀ ní wọ́n ti tún ìwé eré kọ, wọ́n ti yà á, àwọn òṣèré tó kù ti lọ sílé, kò sí ohun tí òun lè ṣe mọ́. Ó ní kí wọ́n sin ín dé gééètì. Ó tún ní Fúnkẹ́ ò ní wọ ibẹ̀ mọ́.

Fúnkẹ́ lọ sílé Godswill, ní àdúgbò tí wọ́n ń pè ní Village, ó gbé ìsáàsùn ọbẹ̀ dání, ó fẹ́ bẹ̀ ẹ́. Ọkùnrin náà gbà á lálejò, ó gbé omi fún un. Ó ní, "Ẹ má bẹ̀ mí mọ́, Màmá Moṣọpẹ́. Ọmọ yín ti wá, ó ti bẹ̀ mí." Ó sì dá ọbẹ̀ náà padà.

Moṣọpẹ́ ti pé ọdún mẹ́rìnlá báyìí. Ó ti ṣe fíìmù kékeré kan láti ìgbà náà, òmíràn ń bọ̀. Àǹtí Fọlá ló ń bá a lọ síbi iṣẹ́. Ọmọ náà ló kọ orúkọ àǹtí rẹ̀ sínú fọ́ọ̀mù, kò bi ìyá rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ohun tí Fúnkẹ́ ní kí n rí i dájú pé mo kọ ni ọ̀rọ̀ tí wọ́n sọ nínú bọ́ọ̀sì, ní Ọjọ́rú yẹn gan-an, nígbà tí wọ́n ń ti ọ́fíìsì bọ̀. Òkè bọ́ọ̀sì ni wọ́n jókòó sí, níwájú pátápátá. Moṣọpẹ́ ò tíì jẹ ṣokoléètì ọwọ́ rẹ̀. Fúnkẹ́ di ọwọ́ ọmọ rẹ̀ mú.

"Ọmọ mi, o ṣeun. O kó ìyá rẹ yọ lónìí. Mi ò ní gbàgbé ẹ̀."

Moṣọpẹ́ yọ ọwọ́ rẹ̀, jẹ́jẹ́.

"Mi ò kó yín yọ, Mọ́mì. Mo rí i pé ẹ máa jẹ́ kí Uncle Godswill lọ. Mo wá rò pé tó bá jẹ́ èmi ni, ẹ ò ní lè dákẹ́."